Epo tí mo kó sí pásééjì, àti àwọn ọkọ̀ ogun tí ẹ̀tù inú ara wọn pa

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o, ẹ̀yin èèyàn mi. Mo mọ̀ pé torí sítàì bùbá àti ìró ni ọ̀pọ̀ yín ṣe máa ń yà síbí, ẹ má bínú, tòní ò kan aṣọ, àbí kí n ní ó kan aṣọ díẹ̀, ẹ máa bá a pàdé níwájú. Ọkọ̀ ogun ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ ẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni o, ọkọ̀ ogun ojú òkun, èmi Ìyá Tóbi télọ̀ ní Mọ́kọ́lá, tó jẹ́ pé omi tó tóbi jù tí mo mọ̀ dáadáa ni adágún Ẹlẹ́yẹlé, àní lọ́jọ́ tí ṣọ́ọ̀ṣì kó wa lọ sétí òkun l'Ékòó, inú bọ́ọ̀sì ni mo jókòó sí títí wọ́n fi ṣe tán.

Bọ́rọ̀ ṣe bẹ̀rẹ̀ rèé. Ẹ rántí ìparí oṣù karùn-ún 2023, nígbà tí wọ́n yọ owó ìrànwọ́ orí epo, tí lítà kan tí à ń rà ní bíi 190 náírà ṣàdédé fò lọ sí bíi 500, tí ilé epo kún bí ọjà Bódìjà ọ̀sẹ̀ ọdún? Mo ní aṣọ ẹbí nílẹ̀ nígbà yẹn, ìyàwó ń lọ ní Sátidé, iná ò sí, gbogbo èèyàn ń pè mí lórí fóònù. Mo bá ra epo kẹ́ẹ̀gì mẹ́ta, oní lítà 25, mo tò wọ́n sí pásééjì ìsàlẹ̀ lẹ́yìn ilẹ̀kùn, níbi tí a máa ń gbé jẹnẹrétọ̀ wọlé sí lálẹ́ kí olè má bà á gbé e lọ. Jẹnẹrétọ̀ yẹn ṣì gbóná nígbà tí mo gbé e ti àwọn kẹ́ẹ̀gì náà. Inú mi dùn. Mo ní èmi ti rí ọ̀nà bá ọ̀wọ́n epo ṣe.

Ní nǹkan bí aago mọ́kànlá alẹ́ ni bàbá onílé wa sọ̀ kalẹ̀ pẹ̀lú tọ́ọ̀ṣì, síńgílẹ́ẹ̀tì lọ́rùn, ìró ìyá sí ìdí. Bàbá Néfì la máa ń pè wọ́n. Wọ́n ti ṣiṣẹ́ néfì rí, inú yàrá ẹ́ńjìnì ni wọ́n wà, ọmọ ogún ọdún ni wọ́n nígbà tí ogun abẹ́lé bẹ̀rẹ̀, títí dòní wọn ò gbọ́ràn dáadáa létí òsì. Imú wọn ni kò ní nǹkan kan tó ṣe é.

"Kí ló ń rùn báyìí?"

"Epo ni, Bàbá. Mo ṣe é lọ́jọ̀ díẹ̀ ni, ẹ mọ bí ìlú ṣe rí."

Wọn ò pariwo o. Wọ́n tan tọ́ọ̀ṣì sí kẹ́ẹ̀gì kọ̀ọ̀kan, wọ́n bẹ̀rẹ̀ wò ó bóyá ìdérí wọn dì, wọ́n wá fi ẹ̀yìn ọwọ́ kan ẹ́ńjìnì jẹnẹrétọ̀ bí ẹni tó ń wò bóyá ara ọmọ gbóná, wọ́n ní, "Ìyá Tóbi, ìwọ àti Mikasa, ọmọ ìyá kan náà ni yín." Mi ò mọ ta ni Mikasa. Mo rò pé ọ̀kan nínú àwọn ayálégbé tó ti kó jáde ni.

A gbé àwọn kẹ́ẹ̀gì yẹn jáde lóru ọjọ́ náà, a gbé wọn dé ìdí ọ̀gẹ̀dẹ̀ lẹ́yìnkùlé, mo ń kùn sínú, mo sì ń ronú olè. Lẹ́yìn náà ni Bàbá jókòó sórí bẹ́ǹṣì, wọ́n ní kí n jókòó, wọ́n wá sọ ohun tó jẹ́ kí n máa ka ìtàn ọkọ̀ ogun lórí fóònù láti ọjọ́ yẹn, nígbà míì ọwọ́ kan lórí fóònù ọwọ́ kan lórí máṣíìnì, abẹ́rẹ́ ti gún mi lẹ́ẹ̀mejì.

Mikasa, ọkọ̀ ogun Jàpáánì ni. Òun ni Ádímírà Tōgō gùn lọ sí ojú ogun Tsushima ní 1905. Ṣùgbọ́n kéèyàn tó sọ ti Mikasa ó yẹ kó sọ ti àwọn ará Rọ́ṣíà tó wá bá a jà, torí àwọn yẹn gan-an ni àǹtí mi pátápátá nínú ọ̀rọ̀ kí á máa kó nǹkan jọ nítorí ọ̀wọ́n.

Ìjà ti ń lọ láàárín Rọ́ṣíà àti Jàpáánì láti 1904, wọ́n wá ní kí àwọn ọkọ̀ tó wà lápá ọ̀hún, lẹ́bàá Yúróòpù, yí ìdajì ayé po kí wọ́n lọ gbèjà àwọn tó wà ní Éṣíà. Oṣù kẹwàá 1904 ni wọ́n gbéra, Ádímírà Rozhestvensky ló ṣáájú wọn. Ìrìn náà gba oṣù méje. Wọn ò tíì jìnnà tí wàhálà fi bẹ̀rẹ̀, ẹ̀rù àwọn ará Jàpáánì ti bà wọ́n dé ibi pé lálẹ́ ọjọ́ kan ní Òkun Àríwá, wọ́n rí ọkọ̀ àwọn apẹja Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n ní Jàpáánì ti dé, wọ́n da ìbọn bò wọ́n, wọ́n pa apẹja, nínú ọ̀rọ̀ yẹn náà wọ́n tún yìnbọn lu ọkọ̀ tiwọn! Ẹ jọ̀ọ́, báwo ni Jàpáánì ṣe fẹ́ dé Òkun Àríwá? Bàbá rẹ́rìn-ín dé ibi pé ikọ́ mú wọn.

Àmọ́ ìyà gidi tó jẹ wọ́n ni èédú. Èédú ni ọkọ̀ ìgbà yẹn ń jẹ, ó sì ń jẹ ẹ́ bí iná ọyẹ́ ṣe ń jẹ igbó. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì ló ní èbúté tó dáa lójú ọ̀nà, àwọn àti Jàpáánì sì ti mulẹ̀, wọn ò ní ta ẹyọ èédú kan fún Rọ́ṣíà. Ọkọ̀ àwọn oníṣòwò Jámánì ló ń gbé èédú tẹ̀lé wọn káàkiri. Wọ́n dúró ní Dakar kó èédú, wọ́n dúró ní Gabon kó èédú, àfi bíi ká sọ pé ìdí àdúgbò wa níbí ni wọ́n gbà kọjá, nínú ooru wa yìí, àwọn ọmọ Rọ́ṣíà tó jẹ́ yìnyín ni wọ́n mọ̀ ń fi àpò ru èédú látàárọ̀ ṣúlẹ̀. Ádímírà wọn ò sì dá ibi tí èédú yóò tó ó dúró, torí kò mọ ibi tí òun ti máa rí òmíràn. Kó o sí ìta. Kó o sí yàrá tí wọ́n ń sùn. Kó o sí balùwẹ̀. Ohun tí mo ṣe gan-an nìyẹn, àfi pé kẹ́ẹ̀gì mẹ́ta ni tèmi.

Ọkọ̀ ogun wá ní irin nípọn kan tí wọ́n fi yí i lára ká bí ìgbànú, níbi tí omi ti ń kan ara ọkọ̀, kí àgbá ọ̀tá má bà á lu ibẹ̀. Èédú yìí wá wúwo dé ibi pé ọkọ̀ rì wọlẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, ìgbànú irin yẹn ti wọ abẹ́ omi lọ, ara rírọ̀ ló kù lókè. Bíi kéèyàn wọ ìró kó sọ̀ kalẹ̀ débi orúnkún kó wá ní òun bo ìdí. Ní ọjọ́ 27 oṣù karùn-ún 1905 ni Tōgō pàdé wọn ní Tsushima. Ó ju 4,000 ará Rọ́ṣíà tó kú, nínú ọkọ̀ kan tí wọ́n ń pè ní Borodino ẹyọ ẹnì kan ló yè, nínú gbogbo ọ̀wọ́ ọkọ̀ tó ti yí ìdajì ayé po yẹn, mẹ́ta péré ló dé Vladivostok, èbúté Rọ́ṣíà tí wọ́n ń lọ. Ti Jàpáánì, ọkọ̀ pẹ́pẹ̀pẹ́ mẹ́ta, èèyàn 117.

Ó dáa, Jàpáánì ti borí. Tōgō ti di akọni. Wọ́n ti bọwọ́ lùwé àlàáfíà ní ọjọ́ 5 oṣù kẹsàn-án. Kò pé ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn ẹ̀, Mikasa ń sinmi jẹ́jẹ́ ní èbúté Sasebo, nílé ara ẹ̀, kò sí ọ̀tá kankan nítòsí, ẹ̀tù tó wà nínú ẹ̀ búgbàù lóru, ó rì síbẹ̀, ó pa ju igba èèyàn lọ. Ẹ wò ó, gbogbo àgbá Rọ́ṣíà ní Tsushima ò tó bẹ́ẹ̀! Ẹni méjì fún gbogbo ẹnì kan tí ìjà Tsushima pa lápá Jàpáánì, àlàáfíà ló pa wọ́n. Ohun tí Bàbá ń sọ nìyẹn tí wọ́n fi ní èmi àti Mikasa ọmọ ìyá ni wá. Wọ́n padà fà á jáde, wọ́n tún un ṣe, ó ṣì wà ní Yokosuka dòní, èèyàn ń sanwó wọ inú ẹ̀ lọ wò ó.

Mo rò pé Mikasa nìkan ni irú ẹ̀ ṣẹlẹ̀ sí. Rárá o. Iéna ti Faransé, 1907, ní Toulon. Liberté, Faransé náà, 1911, Toulon kan náà. Vanguard ti Gẹ̀ẹ́sì, 1917, ní Scapa Flow, nínú ẹni tó ju 800 tó wà nínú ẹ̀, méjì ló yè. Mutsu ti Jàpáánì, 1943. Gbogbo wọn nílé ara wọn, kò sí ọ̀tá tó fọwọ́ kàn wọ́n. Èyí tó wá bà mí lẹ́rù jù ni Bulwark, ti Gẹ̀ẹ́sì, ní 1914, nítòsí Sheerness, àárọ̀ ni, àwọn ọmọ ọkọ̀ ń jẹun. Ó ju 700 tó kú. Nígbà tí wọ́n jókòó ṣe ìwádìí, wọ́n ní ó jọ pé àwọn kan kó ẹ̀tù ti ògiri tó wà lẹ́yìn ibi tí iná ẹ́ńjìnì ti ń jó, ògiri yẹn gbóná, ẹ̀tù gbóná, ó parí. Wọ́n sì ní wọ́n tún to ọta àgbá sínú pásééjì. Pásééjì o! Nígbà tí mo ka ibẹ̀, mo gbé fóònù sílẹ̀, mo jáde lọ wo ìdí ọ̀gẹ̀dẹ̀.

Ibi tí ọ̀rọ̀ aṣọ ti wọlé nìyí. Ẹ̀tù tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń lò fún àgbá ńlá, wọ́n máa ń di í sínú àpò ṣẹ́dà ni. Ṣẹ́dà gidi, èyí tí à ń fi ojú ọ̀wọ́n wò. Mo ní kí ló dé, owó ló pọ̀ lọ́wọ́ wọn ni? Ṣùgbọ́n ẹni tó bá ti sun aṣọ wò rí láti mọ èyí tó jẹ́ ojúlówó, bí gbogbo télọ̀ ṣe máa ń ṣe, á mọ ìdí ẹ̀. Pọliẹ́sítà máa ń yọ́ ni, á lẹ̀ mọ́ ọ lọ́wọ́. Òwú máa ń ní ẹ̀ṣẹ́ná tí kò ní tètè kú. Ṣẹ́dà jó tán ni, eérú ẹ̀ á fọ́ lúbúlúbú, kò sí ẹ̀ṣẹ́ná tó kù. Nínú ihò àgbá, tí ẹ̀ṣẹ́ná kékeré bá kù tí wọ́n sì ti àpò ẹ̀tù míì wọlé, ó ti bú mọ́ wọn lójú nìyẹn. Torí ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń lo ṣẹ́dà. Ọgbọ́n ni. Àwọn Jámánì ní tiwọn, inú agolo idẹ ni wọ́n ń ki èyí tó pọ̀ jù nínú ẹ̀tù tiwọn sí, ìyẹn ṣòro díẹ̀ fún iná láti wọ̀.

Àmọ́ ṣẹ́dà ò lè gbà ẹ́ tó o bá ṣí ilẹ̀kùn sílẹ̀. Àpótí àgbá wà lókè, yàrá ẹ̀tù wà nísàlẹ̀ pátápátá, ihò kan bíi ti kànga ló so wọ́n pọ̀ tí wọ́n ń fi gbé ẹ̀tù gòkè. Ilẹ̀kùn wà lágbede méjì, ó yẹ kí wọ́n máa tì í kí wọ́n máa ṣí i, kí iná tó bá wọlé látòkè má bà á sáré lọ sísàlẹ̀. Oṣù kìíní 1915, nínú ìjà kan pẹ̀lú àwọn Gẹ̀ẹ́sì, iná wọ ọkọ̀ Jámánì kan báyẹn, Seydlitz, ó ju 150 tó jó pa lójú ẹsẹ̀, ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Wilhelm Heidkamp ló fi ọwọ́ lásán yí irin tó ti pọ́n bí ẹ̀yinná kí omi lè ya wọ yàrá ẹ̀tù, ọwọ́ ẹ̀ bó, ṣùgbọ́n ọkọ̀ délé. Àwọn Jámánì jókòó, wọ́n yí òfin padà. Ilẹ̀kùn á máa tì, ẹ̀tù díẹ̀díẹ̀ lẹ ó máa gbé jáde.

Àwọn Gẹ̀ẹ́sì ní tiwọn, kí ni wọ́n mú nínú ìjà kan náà? Pé ìbọn àwọn ò yá tó! Olórí kunkun gbáà ni wọ́n lójú tèmi. Wọ́n ní kí ìbọn lè yá, ẹ ṣí ilẹ̀kùn sílẹ̀, ẹ to àpò ẹ̀tù jọ síta kó wà nítòsí ọwọ́. Ní ọjọ́ 31 oṣù karùn-ún 1916 ni àwọn méjèèjì pàdé ní Jutland, ọkọ̀ bíi 250 lápapọ̀. Láàárín ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, Indefatigable búgbàù. Queen Mary búgbàù, ó kó 1,266 èèyàn lọ. Invincible búgbàù, ó là sí méjì, ẹni mẹ́fà ló jáde nínú ẹ̀. Ọ̀gá wọn, Beatty, dúró tó ń wò ó, ó ní ó jọ pé nǹkan kan ń ṣe àwọn ọkọ̀ wa lónìí. Nǹkan kan ń ṣe wọ́n lóòótọ́, ẹ̀yin lẹ ṣe é fún wọn. Seydlitz wà níbẹ̀ lọ́jọ́ yẹn náà, wọ́n lù ú bí bàrà, omi ti gun orí ẹ̀, ó wọ́ délé.

Ọkọ̀ tí Beatty fúnra ẹ̀ gùn, Lion, ìbá lọ pẹ̀lú wọn. Ọta wọlé sí àpótí àgbá kan. Ọ̀gá ibẹ̀, Mejọ Francis Harvey, ẹsẹ̀ ẹ̀ ti run, ó ku díẹ̀ kó kú, ó na ẹnu sí páìpù tí wọ́n fi ń sọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sísàlẹ̀, ó ní kí wọ́n ti ilẹ̀kùn yàrá ẹ̀tù kí wọ́n sì da omi sí i. Wọ́n tì í. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú díẹ̀ iná gbá wálẹ̀ lóòótọ́, ó pa àwọn tó wà lójú ọ̀nà ẹ̀, ó dé ẹnu ilẹ̀kùn yẹn, ó bá omi. Ó lé ní ẹgbẹ̀rún èèyàn tó sùn sílé ẹ̀yìn ìyẹn torí gbólóhùn kan.

Ní 1941 Hood tún lọ báyẹn, ọkọ̀ tí gbogbo Gẹ̀ẹ́sì fi ń yangàn, òun àti Bismarck ti Jámánì ò tíì jà tó ìṣẹ́jú mẹ́wàá tí ẹ̀tù ìdí ẹ̀ fi bú, 1,418 ló wà nínú ẹ̀, mẹ́ta ló yè. Mi ò ní sọ púpọ̀ lórí ìyẹn, gbogbo èèyàn ló mọ̀ ọ́n.

Epo bẹntiróòlù ni mo fẹ́ dé, torí òun gan-an ló kàn mí. Nígbà tí ogun àgbáyé kejì fi máa gbóná, ọkọ̀ tó ń gbé bàálù ti gba ipò lọ́wọ́ àwọn alágbá ńlá, bàálù sì ń mu bẹntiróòlù, nítorí náà ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan di ilé epo tó ń rìn lójú omi. Ní Midway, erékùṣù kan láàárín òkun Pàsífíìkì, ọjọ́ 4 oṣù kẹfà 1942, Nagumo, ọ̀gá àwọn ọkọ̀ Jàpáánì, ti ní kí wọ́n yọ tọ̀pídò, bọ́ǹbù tó ń sáré nínú omi, kúrò lára bàálù kí wọ́n so bọ́ǹbù mọ́ ọn, ó tún ní kí wọ́n yọ bọ́ǹbù kí wọ́n dá tọ̀pídò padà. Àwọn ọmọ iṣẹ́ ò ráyè gbé àwọn tí wọ́n yọ lọ sísàlẹ̀, wọ́n fi sílẹ̀ káàkiri, bàálù ti mu epo yó, páìpù epo kún. Báyẹn ni àwọn ará Amẹ́ríkà ṣe já bọ́ látojú ọ̀run. Láàárín ìṣẹ́jú bíi márùn-ún ọkọ̀ mẹ́ta ti ń jó. Akagi, bọ́ǹbù ẹyọ kan ṣoṣo ló bà á gan-an. Ẹyọ kan! Ìyókù, òun fúnra ẹ̀ ló ṣe é.

Ọ̀sán ọjọ́ yẹn ni mo nífẹ̀ẹ́ sí jù nínú gbogbo ìtàn yìí. Yorktown ti Amẹ́ríkà, kí bàálù Jàpáánì tó dé bá a, wọ́n ti fa epo kúrò nínú gbogbo páìpù wọn, wọ́n wá fi gáàsì kún un, gáàsì tó ń mú kí kóòkì hó yẹn, iná ò lè gbé nínú ẹ̀. Bọ́ǹbù mẹ́ta bà á, ó jó, wọ́n pa iná náà, wọ́n fi pákó dí ihò, wọ́n tan ẹ́ńjìnì padà. Nígbà tí àwọn ará Jàpáánì padà wá lẹ́ẹ̀kejì, wọ́n rí ọkọ̀ tó ń sáré tí kò yọ èéfín, wọ́n rò pé ọkọ̀ míì ni, wọ́n tún lọ bá a jà. Ọkọ̀ kan ló jẹ ìyà ọkọ̀ méjì fún àwọn tó kù. Ó padà rì lọ́jọ́ 7 oṣù náà, ọkọ̀ abẹ́ omi ló parí ẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ jù nínú àwọn tó wà nínú ẹ̀ ló délé.

Ẹ wá gbọ́ ti Taihō. 1944. Ọkọ̀ tuntun Jàpáánì, orí ẹ̀ irin líle, wọ́n ní bọ́ǹbù ò lè wọ̀ ọ́. Tọ̀pídò kan láti abẹ́ omi bà á láàárọ̀ ọjọ́ 19 oṣù kẹfà, ọkọ̀ náà ò tilẹ̀ dúró, ó ń bá ìrìn lọ. Tánkì epo ló ya nínú. Òórùn epo gba inú ọkọ̀, ọ̀kan nínú àwọn ọ̀gá tó wà níbẹ̀ wá ní kí wọ́n tan gbogbo fáànù kí wọ́n ṣí gbogbo ojú afẹ́fẹ́ kí òórùn náà lè jáde. Òórùn ò jáde, ó tàn ká. Gbogbo yàrá, gbogbo pásééjì, látòkè dé ìsàlẹ̀. Lẹ́yìn wákàtí bíi mẹ́fà, ìpá iná kan péré, ó tán. Mo sọ fún Bàbá pé èmi náà ṣí wíńdò nígbà tí epo mi ń rùn lọ́jọ́ yẹn, mo sì tan fáànù pẹ̀lú fún afẹ́fẹ́. Wọ́n wò mí.

"Fáànù tó ń gbaná láti ara jẹnẹrétọ̀?"

"Inífátà ni, Bàbá."

"Iná kọ́ ni iná inífátà?"

Ẹ má rò pé ọ̀rọ̀ òyìnbó nìkan ni gbogbo ẹ̀. Ní oṣù karùn-ún 1941, ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì kan, U-69, yọ́ dé ẹnu èbúté Èkó ńbí, ó sin bọ́ǹbù sínú omi, ó ṣe bẹ́ẹ̀ ní Takoradi tó wà ní Ghana náà. Lóṣù tó tẹ̀ lé e, ọkọ̀ kan tó ń kó iyanrìn kúrò lẹ́nu ọ̀nà èbúté, Robert Hughes, gun ọ̀kan nínú ẹ̀, ó rì. Èkó o! Ogun Hitler dé Èkó.

Ìbàdàn wa náà sì ní ọkọ̀ ogun rí. Mo rò pé Bàbá ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ nígbà tí wọ́n sọ ọ́. NNS Ibadan. Ọkọ̀ kékeré tó ń ṣọ́ etíkun ni, àwọn Gẹ̀ẹ́sì ló kàn án. Nígbà tí wàhálà dé ní 1967, apá Biafra ló bọ́ sí, ogun sì jẹ ẹ́, wọ́n tún padà fi orúkọ náà sọ òmíràn. Ìlú tí kò ní òkun, tó jẹ́ pé òkè àti páànù ìdọ̀tí la fi mọ̀ ọ́n, tó tún pàdánù ọkọ̀ ogun! Mo bi Bàbá bóyá wọ́n rí i rí, wọ́n ní ọ̀dà ara ẹ̀ ni wọ́n rántí, ó mọ́ ju ti àwọn tó kù lọ.

Ti Bonny ni Bàbá kì í fẹ́ sọ púpọ̀. Oṣù keje 1967, néfì kó ṣọ́jà lọ balẹ̀ síbẹ̀, NNS Nigeria wà níwájú, àwọn ọmọ ogun Benjamin Adekunle ni. Wọ́n ní nísàlẹ̀ níbi ẹ́ńjìnì èèyàn ò rí nǹkan kan, ìró àgbá òkè máa ń dà bí ìgbà téèyàn bá da ìrẹsì sórí páànù, èèyàn kàn ń wo ojú ẹnìkejì ẹ̀. Ọ̀gá wọn kan wà tó jẹ́ pé gbólóhùn kan ló ń sọ látàárọ̀ ṣúlẹ̀: ilẹ̀kùn. Bó o bá gba ibẹ̀ kọjá, ilẹ̀kùn. Bó o bá gbé tíì wá, ilẹ̀kùn. Àwọn ọmọ ń pè é ní Ọ̀gá Ilẹ̀kùn lẹ́yìn.

Ohun tó yà mí lẹ́nu ni pé ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an, ní òkun Vietnam lọ́hùn-ún, Forrestal, ọkọ̀ tó ń gbé bàálù ti Amẹ́ríkà, ń jó. Ọjọ́ 29 oṣù keje 1967. Iná ṣàdédé ta lára bàálù kan, rọ́kẹ́ẹ̀tì ẹ̀ yìn fúnra ẹ̀, ó lọ ba tánkì bàálù míì, epo dà sílẹ̀, bọ́ǹbù àtijọ́ tí wọ́n ti ń kùn sí pé kò dáa wà nítòsí, kò tó ìṣẹ́jú méjì tó fi bú. Èyí tó bú yẹn ló pa ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó mọ iṣẹ́ panápaná. Àwọn tó kù ò mọ̀ ọ́n, ẹnì kan ń da fóòmù sórí epo, ẹlòmíì ń da omi sí i tó ń fọ fóòmù náà dànù. Èèyàn 134. Láti ìgbà yẹn, ẹni tó bá wọ néfì wọn, ì báà jẹ́ akọ̀wé, ì báà jẹ́ ẹni tó ń dáná, ó gbọ́dọ̀ kọ́ bí wọ́n ṣe ń paná. Nígbà tí mo kà á fún Bàbá, wọ́n ní àwọn ò gbọ́ ọ nígbà yẹn, ta ló fẹ́ sọ fún wọn? Wọ́n ní kí n tún ibi fóòmù yẹn kà.

Aṣọ ẹbí yẹn yá, ìyàwó lọ, wọ́n ò tíì san balansì mi tán. Kẹ́ẹ̀gì kan ṣoṣo ni mo máa ń rà báyìí, ìdí ọ̀gẹ̀dẹ̀ ló ń gbé lábẹ́ páànù, jẹnẹrétọ̀ sì ti kúrò ní pásééjì, wẹ́dà kan bá mi ṣe kéèjì fún un lẹ́yìnkùlé. Lánàá wọ́n mú iná lọ ní agogo méje, mo jáde lọ tan án, mo ń sáré padà sídìí aṣọ ẹnì kan tó ti ń dúró, mi ò tíì jókòó tí mo fi gbọ́ ohùn láti òkè, láti ẹnu wíńdò, ẹni tí etí òsì ẹ̀ ò gbọ́ràn:

"Ìyá Tóbi! Ilẹ̀kùn!"

Mo dìde, mo lọ tì í.